Ọjọ́ ti kọjá, a ò tíì fèsì: ṣé adájọ́ ṣì lè gba ìwé àwíjàre wa?

Ìbéèrè: Lọ́yà, ẹ kú iṣẹ́ o. Lóṣù kẹta ni bélíìfù mú ìwé ìpẹ̀jọ́ wá sílé wa ní Ìjọ̀kà, níbí ní Àkúrẹ́. Ìdílé kan ló pe èmi àti ìyá mi lẹ́jọ́ ní kóòtù gíga. Wọ́n ní ilẹ̀ tí bàbá wa tó ti dolóògbé rà ní 1987 kì í ṣe tiwa, kí kóòtù kéde pé àwọn ló ni ín, kí ó sì lé wa kúrò níbẹ̀. Lọ́jọ́ kejì ni mo gbé ìwé náà fún lọ́yà kan, mo sanwó, ó ní kí n lọ fọkàn balẹ̀. Ọ̀sẹ̀ tó kọjá ni mo yà sí kóòtù, wọ́n ní kò fi ìwé kankan sílẹ̀ fún wa, pé àsìkò ti kọjá, àti pé àwọn tó pè wá ti kọ̀wé pé kí adájọ́ kúkú dá ẹjọ́ fún wọn. Lọ́yà wa ò gbé fóònù mọ́. Ṣé ó ti bọ́ náà nìyẹn?

Ìdáhùn: Kò tíì bọ́ o. Adájọ́ ò tíì dá ẹjọ́, agbára ṣì wà lọ́wọ́ rẹ̀ láti fi ọjọ́ kún ọjọ́ yín, kí ó sì gba ìwé àwíjàre yín wọlé, ìyẹn ìwé tí ẹ fi ń fèsì sí ohun tí wọ́n pè yín lẹ́jọ́ lé lórí. Àmọ́ ẹ gbọ́ mi yé: ẹ̀bẹ̀ lẹ fẹ́ lọ bẹ̀, adájọ́ lè gbà, ó sì lè kọ̀. Ohun tó máa mú un gbà ni ohun tí ẹ bá kọ sínú ìwé ìbúra yín, ìyẹn ìwé tí ẹ fi ń búra sí ohun tó ṣẹlẹ̀, àti bí ẹ bá ṣe yá sí i tó. Mo ti rí ẹjọ́ tó lẹ́sẹ̀ nílẹ̀ tó bàjẹ́ nítorí ìwé ìbúra ojú ewé kan tí ẹnikẹ́ni ò fara balẹ̀ kọ. Ìdí nìyẹn tí màá fi pẹ́ lórí ìwé náà ju ibòmíràn lọ.

Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ yẹ ọjọ́ wò. Iye ọjọ́ tí wọ́n ń fún olùjẹ́jọ́ ò dọ́gba káàkiri Nàìjíríà. Ọjọ́ 42 ni kóòtù gíga Èkó ń fúnni. Kóòtù gíga ìpínlẹ̀ Oǹdó ní ìlànà tirẹ̀, òun sì ni kí lọ́yà tuntun yín ṣí, kó má fi ti Èkó ṣírò. Ọjọ́ tí ìwé dé ọwọ́ yín ni kíkà ti ń bẹ̀rẹ̀, ẹ má fi ọjọ́ tí wọ́n tẹ̀ sórí ìwé náà kà á. Bélíìfù tó mú un wá yóò ti búra sílẹ̀ lórí ọjọ́ tó mú un wá, ibi tó mú un dé àti ẹni tó gbà á lọ́wọ́ rẹ̀. Ẹ lọ san owó ẹ̀dà ìwé ìbúra yẹn ní rẹ́jísírì, ọ́fíìsì tí kóòtù ń kó ìwé ẹjọ́ sí, kí ẹ sì kà á dáadáa.

Ìdí tí mo fi ní kí ẹ kà á ni pé ẹni méjì ni wọ́n pè lẹ́jọ́, ẹ̀yin àti ìyá wa. Ẹnì kọ̀ọ̀kan ló yẹ kó gba tirẹ̀ lọ́wọ́. Bí bélíìfù bá kó méjèèjì lé yín lọ́wọ́ nígbà tí ìyá wa wà lọ́jà, tàbí tó lẹ̀ ẹ́ mọ́ géètì láìjẹ́ pé adájọ́ ti pàṣẹ bẹ́ẹ̀, a jẹ́ pé ọjọ́ ìyá wa ò tíì bẹ̀rẹ̀ sí í kà rárá. Láti ìgbà ẹjọ́ Skenconsult àti Ukey ní 1981 ni kóòtù tó ga jù lọ ti fìdí rẹ̀ múlẹ̀ pé níbi tí wọn ò bá ti fún olùjẹ́jọ́ níwèé bó ṣe yẹ, kóòtù ò ní agbára lórí rẹ̀, ohun yòówù kó ṣe lẹ́yìn náà kò ní lè dúró. Lọ́yà tuntun yín gbọ́dọ̀ yẹ èyí wò kó tó fọwọ́ kan nǹkan mìíràn.

Ti ẹ̀yin fúnra yín yàtọ̀. Ẹ gba ìwé, ẹ sì gbé e fún lọ́yà lọ́jọ́ kejì. Ẹ má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni kọ́ yín láti búra pé ẹ ò rí i. Rìsíìtì owó tí ẹ san fún lọ́yà ló máa kọ́kọ́ tú àṣírí, adájọ́ tó bá sì ti mú yín nínú irọ́ kan ò ní gba òótọ́ mẹ́wàá gbọ́ lẹ́nu yín mọ́.

Kí ló dé tí òfin fi fún adájọ́ ní irú àyè yìí? Àwọn àgbà wa ló ní agbẹ́jọ́ ẹnìkan dá, àgbà òṣìkà. Ìwé òfin Nàìjíríà ti 1999, ní ìpín 36, ní ẹni tí kóòtù bá fẹ́ pinnu ẹ̀tọ́ rẹ̀ gbọ́dọ̀ rí àyè sọ tẹnu rẹ̀ láàárín àkókò tó bójú mu. Ẹ kíyè sí “àkókò tó bójú mu” yẹn, torí lọ́yà wọn máa dì í mú. Àwọn náà ní ẹ̀tọ́ kí ẹjọ́ wọn ní òpin. Ní 1964, ìgbìmọ̀ àwọn adájọ́ àgbà tó ń jókòó ní London sọ nínú ẹjọ́ Ratnam àti Cumarasamy pé pípa ni à ń pa ìlànà kóòtù mọ́, pé ẹni tó bá fẹ́ kí adájọ́ fi ọjọ́ kún ọjọ́ fún òun gbọ́dọ̀ gbé ohun kan kalẹ̀ tí adájọ́ lè dì mú. Ó ṣòro kí lọ́yà tó ń tako irú ẹ̀bẹ̀ yín má fa ẹjọ́ yẹn yọ. Òótọ́ sì ni ẹjọ́ náà sọ. Ẹni tí kò gbé nǹkan kan kalẹ̀ kò fún adájọ́ ní ohun tó máa fi làákàyè rẹ̀ ṣiṣẹ́ lé lórí.

Ohun tí adájọ́ máa wò ò ṣókùnkùn. Nínú ẹjọ́ Williams àti Hope Rising Voluntary Funds Society ní 1982, kóòtù tó ga jù lọ sọ ohun tó yẹ ká yẹ̀ wò bí ẹni tí wọ́n dájọ́ lẹ́yìn rẹ̀ bá wá bẹ̀bẹ̀ pé kí wọ́n yí ìdájọ́ náà dànù: kí ló dá a dúró, ṣé ó tètè wá, ṣé gbígba ẹ̀bẹ̀ rẹ̀ máa pa ẹnì kejì lára, ṣé ẹjọ́ tirẹ̀ sì lẹ́sẹ̀ nílẹ̀. Àwọn nǹkan yìí náà ni adájọ́ fi ń wo ẹ̀bẹ̀ ẹni tó fẹ́ fèsì lẹ́yìn ọjọ́, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ọwọ́ wọn máa ń rọ̀ díẹ̀ níwọ̀n ìgbà tí ìdájọ́ ò bá tíì wáyé. Ti ìpalára ò ní yọ yín lẹ́nu púpọ̀. Ilẹ̀ ò lè sá lọ, àfi bí wọ́n bá lè sọ pé ẹlẹ́rìí wọn kan ti darúgbó, ara rẹ̀ ò sì yá. Ti ìdí àti ti ẹjọ́ tó lẹ́sẹ̀ nílẹ̀ ni iṣẹ́ pọ̀ sí.

Ìdí yín ni pé lọ́yà já yín kulẹ̀. Òfin mọ irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀. Láti ìgbà ẹjọ́ Akinyede ní 1971 àti ti Bowaje àti Adediwura ní 1976 ni àwọn adájọ́ àgbà wa ti ń sọ pé kò yẹ kí wọ́n fi ẹ̀ṣẹ̀ lọ́yà jẹ oníbàárà níyà. Ṣùgbọ́n gbogbo ẹni tó pẹ́ ló ń sọ ọ́, etí àwọn adájọ́ sì ti kún. Ohun tí mo sábà máa ń rí nínú ìwé ìbúra rèé: “Lọ́yà wa àtẹ̀yìnwá ló ṣe àṣìṣe. Ẹ̀ṣẹ̀ lọ́yà ò gbọdọ̀ wá sórí oníbàárà. Òdodo ló fẹ́ kí kóòtù gba ẹ̀bẹ̀ yìí.” Ó parí síbẹ̀. Gbólóhùn àkọ́kọ́ ò sọ ohun tó ṣẹlẹ̀. Èkejì àti ẹ̀kẹta kì í tilẹ̀ ṣe ohun tó yẹ kó wà nínú ìwé ìbúra, torí ìpín 115 òfin ẹ̀rí ti 2011 ní ohun tó ṣẹlẹ̀ nìkan ni à ń búra lé lórí, àríyànjiyàn òfin ò gbọdọ̀ sí níbẹ̀. Lọ́yà wọn lè ní kí adájọ́ fa igi lé e, kí ìwé yín sì ṣófo.

Èyí tó lè ràn yín lọ́wọ́ máa rí báyìí, kí ẹ fi ọjọ́ tiyín gan-an sí i: “Ní ọjọ́ báyìí oṣù kẹta, bélíìfù fún mi ní ìwé ìpẹ̀jọ́ nílé wa. Ní ọjọ́ kejì, mo gbé e lọ sí ọ́fíìsì lọ́yà wa, mo san owó, rìsíìtì rẹ̀ ni mo fi há ìwé yìí. Ní ọjọ́ báyìí oṣù kẹrin, mo pè é láago, ó ní òun ti fi ìwé wa sí kóòtù. Ní ọjọ́ báyìí, mo kọ̀wé sí i lórí WhatsApp, ó fèsì pé kí n má yọ òun lẹ́nu. Ní ọjọ́ báyìí, mo lọ sí rẹ́jísírì fúnra mi, òṣìṣẹ́ ibẹ̀ gbé fáìlì wa fún mi, mo sì rí i pé ìwé wa kankan ò sí níbẹ̀. Ní ọ̀sẹ̀ yẹn náà ni mo gba lọ́yà tuntun.” Kò sí ẹkún níbẹ̀, adájọ́ sì máa rí bí ọ̀rọ̀ ṣe lọ láti ọjọ́ àkọ́kọ́ dé èyí tó gbẹ̀yìn. Bí ẹ bá sọ ohun tí ẹlòmíràn sọ fún yín, ẹ dárúkọ onítọ̀hún, ẹ sọ ìgbà àti ibi tó ti sọ ọ́. Ìpín 115 yẹn náà ló béèrè bẹ́ẹ̀. Bí ẹ bá sì tẹ ọ̀rọ̀ WhatsApp jáde láti fi há a, kí lọ́yà yín rántí ìwé ẹ̀rí tí ìpín 84 òfin ẹ̀rí yẹn béèrè fún ohun tó bá ti inú fóònù tàbí kọ̀ǹpútà jáde.

Ibì kan wà tí mo mọ̀ pé wọ́n máa tẹ̀ yín mọ́. Láti oṣù kẹta sí ọ̀sẹ̀ tó kọjá, kí lẹ ń ṣe? Adájọ́ máa bi yín, kódà bí lọ́yà wọn ò bá bi yín. Bí ẹ bá ń pe lọ́yà yín lóṣooṣù tó sì ń fi yín lọ́kàn balẹ̀, ẹ kọ gbogbo rẹ̀ sílẹ̀. Bí oṣù méjì bá wà tí ẹ ò ṣe nǹkan kan, ẹ sọ ọ́ bó ṣe rí, pẹ̀lú ìdí rẹ̀, ìbáà jẹ́ àìsàn ìyá wa tàbí ìrìn àjò. Kí ẹ tìkára yín sọ ọ́ dára ju kí wọ́n hú u jáde lọ.

Ohun kan tún wà tí agbára rẹ̀ pọ̀: bí lọ́yà àtijọ́ yẹn bá lè búra fúnra rẹ̀ pé òun lòun gbàgbé. Ẹ kọ lẹ́tà sí i, ẹ ní kó dá fáìlì padà kó sì sọ ohun tó ṣẹlẹ̀, ẹ pa ẹ̀dà rẹ̀ mọ́. Bí kò bá fèsì, lẹ́tà náà fúnra rẹ̀ di ẹ̀rí pé ẹ wá a. Ẹ̀yin ọ̀rẹ́ mi lọ́yà tó bá ka èyí, ẹ jọ̀ọ́, bí irú ẹ̀ bá ṣẹlẹ̀ sí yín, ẹ búra fún oníbàárà yín. Ìtìjú ọjọ́ kan ni. Ilẹ̀ bàbá ẹni tó bá lọ kì í tètè padà.

Ó ku ìwé àwíjàre fúnra rẹ̀. Ẹ má lọ bẹ̀bẹ̀ lọ́wọ́ òfo. Ìwé àwíjàre tí ẹ fẹ́ kí adájọ́ gbà, ọ̀rọ̀ àwọn ẹlẹ́rìí yín tí wọ́n ti kọ sílẹ̀ tí wọ́n sì ti búra sí, àti ẹ̀dà àwọn ìwé ilẹ̀ yín, gbogbo rẹ̀ ni kó há mọ́ ẹ̀bẹ̀ náà, kí adájọ́ fojú ara rẹ̀ rí i pé ẹ ní ohun tí ẹ fẹ́ sọ. Ìwé tó kàn ń sọ pé “olùjẹ́jọ́ kọ gbogbo ẹ̀sùn” ò tó. Kóòtù tó ga jù lọ ti sọ ọ́ nínú ẹjọ́ Lewis and Peat àti Akhimien ní 1976 pé kíkọ̀ gbọ́dọ̀ ṣe pàtó, pé ẹni tó bá ní òun ò lè sọ bóyá bẹ́ẹ̀ ni tàbí bẹ́ẹ̀ kọ́ kò kọ̀ nǹkan kan. Ẹ sọ ẹni tó ta ilẹ̀ fún bàbá yín ní 1987, ipò tó wà nínú ìdílé náà, àwọn àgbà ìdílé tó jókòó níbẹ̀, àwọn tó ṣẹlẹ́rìí. Ẹ sọ ìgbà tí bàbá bẹ̀rẹ̀ sí í lò ó, ohun tó kọ́ síbẹ̀, àwọn tó háyà lọ́wọ́ rẹ̀, àti iye ọdún tí àwọn olùpẹ̀jọ́ fi ń kọjá níbẹ̀ tí wọn ò sọ̀rọ̀. Bí ẹlẹ́rìí 1987 kan bá ṣì wà láyé, ẹ wá a lọ lónìí, torí ọ̀rọ̀ ẹnu rẹ̀ ṣe pàtàkì ju ti lọ́yà yòówù lọ. Mo sì gbà yín nímọ̀ràn pé kí ẹ pe ẹjọ́ tiyín padà nínú ìwé yẹn náà, kí ẹ ní kí kóòtù kéde pé ẹ̀yin lẹ ni ilẹ̀, dípò tí ẹ kàn máa fi gbèjà ara yín.

Nǹkan méjì lórí ìfọwọ́sí. Lọ́yà gbọ́dọ̀ fi orúkọ ara rẹ̀ gẹ́gẹ́ bí ènìyàn buwọ́ lu ìwé náà, kó má fi orúkọ ọ́fíìsì rẹ̀ buwọ́ lù ú, torí láti ìgbà ẹjọ́ Okafor àti Nweke ní 2007 ni irú ìwé bẹ́ẹ̀ ti ń wó. Ẹ̀yin àti àwọn ẹlẹ́rìí yín náà gbọ́dọ̀ lọ buwọ́ lu tiyín níwájú òṣìṣẹ́ kóòtù tó ń gba ìbúra. Ẹ má buwọ́ lù ú ní ọ́fíìsì lọ́yà kí wọ́n wá gbé e lọ fún un. Yóò dunni bí ẹ bá jà títí tí ọjọ́ fi kún ọjọ́ yín, kí ìwé tó wọlé wá wó nítorí ìfọwọ́sí.

Lọ́yà yín lè fi ìwé àwíjàre náà sílẹ̀ ní rẹ́jísírì pẹ̀lú ẹ̀bẹ̀, kó san owó ìtanràn ọjọ́ tó ti kọjá bí ìlànà bá ṣe sọ, kó sì ní kí adájọ́ ka ìwé tó ti wà nílẹ̀ sí èyí tó wọlé bó ṣe yẹ. Èyí ni mo fẹ́ràn. Owó ìtanràn ò dípò àṣẹ adájọ́ o, méjèèjì lẹ nílò. Àmọ́ ìwé tó bá ti wà nínú fáìlì kí wọ́n tó gbọ́ ẹ̀bẹ̀ àwọn olùpẹ̀jọ́ máa ń ṣòro fún adájọ́ láti gbójú fò. Láti 1884, nínú ẹjọ́ Gibbings àti Strong nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ni wọ́n ti sọ pé kóòtù ò ní ṣe bí ẹni pé ìwé àwíjàre tó pẹ́ dé ò sí níbẹ̀, yóò wò ó bóyá ohun gidi wà nínú rẹ̀.

Ní ti ẹ̀bẹ̀ àwọn olùpẹ̀jọ́ pé kí adájọ́ kúkú dá ẹjọ́ fún wọn, ó ní ibi tó mọ. Ìkéde pé àwọn ló ni ilẹ̀ ni wọ́n ń béèrè, kóòtù kì í sì í ṣe irú ìkéde bẹ́ẹ̀ kìkì nítorí pé olùjẹ́jọ́ dákẹ́. Ẹjọ́ Bello àti Eweka ní 1981 àti Motunwase àti Sorungbe ní 1988 wà níbẹ̀: wọ́n gbọ́dọ̀ mú ẹ̀rí wá, kí wọ́n sì fi ọ̀kan lára ọ̀nà márùn-ún tí ẹjọ́ Idundun àti Okumagba ti 1976 là sílẹ̀ fìdí rẹ̀ múlẹ̀ pé àwọn ló ni ilẹ̀. Ẹ má torí èyí sùn o. Bí ẹ ò bá ní ìwé àwíjàre nílẹ̀, wọ́n máa mú ẹlẹ́rìí wọn wá, kò ní sí ohun tí ẹ máa gbé sórí òṣùwọ̀n kejì, ẹ̀rí díẹ̀ sì lè tó wọn.

Lọ́jọ́ tí wọ́n bá pe ẹjọ́, ẹ wà níbẹ̀, ẹ̀yin àti lọ́yà yín, kí adájọ́ rí yín. Ó ṣeé ṣe kó kọ́kọ́ bi lọ́yà wọn bóyá ó tako ẹ̀bẹ̀ yín. Nígbà míì, lọ́yà wọn á ní òun ò takò ó, kí wọ́n ṣáà fún òun lówó gbà-máà-bínú. Bí adájọ́ bá bu owó yẹn lé yín, ẹ san án kí ọjọ́ tó kàn tó pé, ẹ má bá ẹnikẹ́ni jiyàn lórí rẹ̀. Owó ni wọ́n fi ń wo ọgbẹ́ tí àìtètèdé yín dá sí wọn lára, ohun tó sì jẹ́ kí adájọ́ lè gba ẹ̀bẹ̀ yín láìrẹ́ ẹnì kejì jẹ nìyẹn.

Bí ó bá kọ̀, ọjọ́ 14 péré ni òfin fún yín láti pe ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn lórí irú ìpinnu àárín ẹjọ́ bẹ́ẹ̀, ó sì lè gba kí ẹ kọ́kọ́ tọrọ àyè. Àkúrẹ́ níbí ni ẹ̀ka kóòtù kò-tẹ́-mi-lọ́rùn wa wà, ìrìn ò jìn, àmọ́ àwọn adájọ́ ibẹ̀ kì í fẹ́ fọwọ́ kan ohun tí adájọ́ ìsàlẹ̀ fi làákàyè rẹ̀ pinnu, àfi bó bá ṣì í lò. Ìsàlẹ̀ níbí ni kí ẹ ti ja ìjà yìí. Bí ẹnì kan bá sì sọ fún yín pé wọ́n da ẹjọ́ ìbò olóṣèlú kan nù nítorí ọjọ́ kan ṣoṣo, òótọ́ ni irú ẹ̀ máa ń ṣẹlẹ̀, torí ìwé òfin fúnra rẹ̀ ló de ọjọ́ ẹjọ́ ìbò ní ìpín 285, kò sì sí adájọ́ tó lè fi wákàtí kan kún un. Ti ilẹ̀ yín ò sí lábẹ́ ìyẹn.

Bí ẹ bá fẹ́ fẹjọ́ lọ́yà yẹn sùn lọ́dọ̀ ìgbìmọ̀ tó ń bá àwọn lọ́yà wí, ẹ̀tọ́ yín ni. Ẹ jẹ́ kó dúró de ẹ̀yìn èyí. Ní báyìí, kí lọ́yà tuntun fi ìwé sílẹ̀ pé òun lòun gba ẹjọ́ náà. Lẹ́yìn náà, ẹ wo ọjọ́ tí wọ́n fi gbígbọ́ ẹ̀bẹ̀ àwọn olùpẹ̀jọ́ sí. Kí ẹ̀bẹ̀ tiyín ti wà nínú fáìlì kí ọjọ́ yẹn tó pé, kí bélíìfù ti mú un dé ọ́fíìsì lọ́yà wọn, kí ẹ̀dà tí wọ́n buwọ́ lù pé àwọn gbà á sì wà lọ́wọ́ yín nígbà tí ẹ bá ń wọ kóòtù.